Ẹ Bi Wá: Ṣé jáàsì á ba ẹnu mi jẹ́ fún Mozart?

Lẹ́tà lórí músíìkì ló pọ̀ jù nínú èyí tó wọlé lóṣù yìí, a wá mú mẹ́ta tó jẹ́ ti fèrè klárínẹ́ẹ̀tì, torí ẹ̀gbẹ́ wa níbí, láti Kàbbà lọ sí Mọ̀pà dé Ìsánlú, ni gbogbo wọn ti wá. Àwa náà ò mọ̀ pé ẹ pọ̀ tó báyìí.

Ẹ̀gbọ́n, okun o. Ọmọ ọdún 19 ni mí, bándì Boys' Brigade ni mo ti kọ́ klárínẹ́ẹ̀tì, mo ń fọn ọ́n ní ṣọ́ọ̀ṣì báyìí. Látìgbà tí mo ti gbọ́ Benny Goodman lórí fóònù ọ̀rẹ́ mi ni jáàsì ti wọ̀ mí lára, mo sì ti ń fi ṣeré díẹ̀díẹ̀ níbi ìgbéyàwó. Ọ̀gá akọrin wa ní kí n jáwọ́, wọ́n ní jáàsì á ba ẹnu mi jẹ́, pé ẹni tó bá ti mọ́ lára ò lè fọn Mozart mọ́, kí n yáa mú ọ̀kan. Èmi fẹ́ méjèèjì, mo sì fẹ́ fi jẹun. Ṣé òótọ́ lohun tí wọ́n sọ?
Ọmọ Yàgbà, Ìsánlú

Àbúrò, okun o jàre. Ọ̀gá yín ò parọ́, àmọ́ ọ̀rọ̀ ọ̀hún ò parí síbi tí wọ́n bá a dé. Ohun tí jáàsì ń bèèrè lọ́wọ́ ẹnu yàtọ̀ sí ti klásíkà, ìyẹn irú orin àtijọ́ ilẹ̀ Yúróòpù tí Mozart kọ, lóòótọ́. Nínú klásíkà, wọ́n fẹ́ kí ohùn klárínẹ́ẹ̀tì dúró gbọn-in, kó mọ́ tónítóní, kó má máa gbọ̀n, látorí nóòtì tó wà nísàlẹ̀ pátápátá títí dókè. Nínú jáàsì, o lè fa nóòtì, o lè tẹ̀ ẹ́, o lè jẹ́ kó gbọ̀n, o lè gbéra látìsàlẹ̀ kó o yọ́ kẹ́lẹ́ gòkè lọ bá a. Tó bá wá jẹ́ pé o ti fi ọdún mélòó kan fa nóòtì níbi ìgbéyàwó láìsí ẹni tó ń ṣọ́ ẹ, tó o wá gbé Mozart kalẹ̀ lọ́jọ́ kan, ètè ẹ á kàn máa yọ̀ lọ síbi tó ti mọ̀ tẹ́lẹ̀ ni. Ohun tí ọ̀gá yín ń bẹ̀rù nìyẹn. Èmi ò dá jáàsì lẹ́bi níbẹ̀ o, àìní tíṣà ni mo dá lẹ́bi.

Ìwọ wo Goodman tó o dárúkọ fúnra ẹ. Chicago ni wọ́n bí i sí ní 1909, ilé tálákà, ọmọ méjìlá ni wọ́n. Ọ̀kan nínú àwọn tó kọ́ ọ ní klárínẹ́ẹ̀tì nígbà tó wà lọ́mọdé ni Franz Schoepp, tíṣà klásíkà paraku. Buster Bailey, ọmọ adúláwọ̀ tó padà di gbajúmọ̀ nínú jáàsì, akẹ́kọ̀ọ́ Schoepp lòun náà, ó sì máa ń ní kí àwọn méjèèjì jọ fọn orin ẹlẹ́ni méjì, nígbà tó jẹ́ pé funfun àti dúdú kì í sábà jókòó pọ̀ ní Amẹ́ríkà. Ìka tó ò ń gbọ́ tó ń sáré wìtìwìtì nínú jáàsì ẹ̀ yẹn, ọ̀dọ̀ tíṣà klásíkà ló ti rí i gbà.

Wá wo ọdún 1938. January 16, òun àti bándì ẹ̀ lọ ṣe jáàsì ní Carnegie Hall, New York, níbi tó jẹ́ pé orin klásíkà ni wọ́n mọ̀ ọ́n sí. Láàárín ọdún yẹn kan náà ló gba rẹ́kọ́ọ̀dù Mozart pẹ̀lú àwọn Budapest String Quartet, ọdún yẹn kan náà lòun àti Szigeti tó ń ta vayolíìnì ní kí Bartók kọ orin fún àwọn, ìyẹn Contrasts. Ó ṣe méjèèjì lójú ayé, ẹnu ẹ̀ ò sì bàjẹ́.

Àmọ́ ibi tó yẹ kó o tẹ́tí sí dáadáa rèé. Ní 1949, Goodman ti pé ọmọ ogójì, gbogbo Amẹ́ríkà ló mọ̀ ọ́n, owó ti dé, orúkọ ti dé. Ló bá lọ bá Reginald Kell, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì kan tó jẹ́ àgbà nínú klárínẹ́ẹ̀tì klásíkà, ó ní kó kọ́ òun. Látìgbà tó ti gbé klárínẹ́ẹ̀tì sẹ́nu, eyín òkè ló fi ń tẹ ẹnu fèrè náà mọ́lẹ̀, bí ọ̀pọ̀ nínú wa ti ń ṣe é náà nìyẹn. Kell ní kó kó eyín kúrò, kó fi ètè méjèèjì bò ó. Àbúrò, dán an wò lálẹ́ yìí, kó o fi ètè òkè bo eyín, kó o fọn skéèlì kan ṣoṣo, ìyẹn nóòtì tó tò léra látìsàlẹ̀ dókè, o máa rí i bí ètè yẹn ṣe máa ro ẹ́ láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀. Ó tún ọ̀nà tó ń gbà gbé ìka ṣe pẹ̀lú, ó tiẹ̀ ní kí wọ́n bá òun gé ara tó ti le lórí ìka òun dànù kí òun lè máa gbọ́ ihò klárínẹ́ẹ̀tì lábẹ́ ìka dáadáa. Ọkùnrin tó ti ń fọn nǹkan láti nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún o! Nítorí Mozart.

Ṣé ó wá dáa? Àwọn kan nínú àwọn olólùfẹ́ jáàsì ń kùn pé iná inú ẹ̀ ti lọ sílẹ̀. Tèmi ni pé mo fẹ́ràn Mozart ẹ̀, àmọ́ ó le díẹ̀ létí mi, bí ẹni wọ agbádá tí wọ́n yá a tí ò fẹ́ kó rin. Àwọn tó dé lẹ́yìn ẹ̀ ló wá ń ṣe é wẹ́rẹ́. Eddie Daniels wà níbẹ̀, Don Byron ọmọ Bronx wà níbẹ̀, wá wọn lórí YouTube nígbà tó o bá rí dátà.

Artie Shaw nìkan ni mi ò fẹ́ kó o tẹ̀ lé. Òun àti Goodman jọ ń bára wọn díje ni, òun náà fọn klásíkà, ṣùgbọ́n ó pa klárínẹ́ẹ̀tì tì ní 1954, kò sì fi ṣiṣẹ́ mọ́ títí tó fi kú ní 2004, áádọ́ta ọdún gbáko.

Ohun tí màá ní kó o ṣe kò pọ̀. Klásíkà ni kó o kọ́kọ́ fọn láàárọ̀, nígbà tí ètè ò tíì rẹ̀. Fa nóòtì kan gígùn, kó dúró láìgbọ̀n, kó o tó kan skéèlì, jáàsì á dúró dìrọ̀lẹ́. Wá tíṣà klásíkà tó lè máa gbọ́ ẹ, bó bá tiẹ̀ jẹ́ lórí WhatsApp, torí kò sí ẹni tó lè gbọ́ àṣìṣe ẹnu ara ẹ̀. Fún ti jáàsì, àwọn tẹ́ ẹ jọ máa ṣe é ló ṣòroó rí, wá onígìtá kan àti onílù kan tí wọ́n ní sùúrù, kẹ́ ẹ máa pàdé. Kó o sì mọ̀ pé B-flat ni klárínẹ́ẹ̀tì tó wà lọ́wọ́ ẹ, ohùn ẹ̀ máa ń rẹlẹ̀ díẹ̀ sí nóòtì tó o bá fọn, tí wọ́n bá ń kọ hymn ní G, A lo máa fọn, o ti mọ ìyẹn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Concerto tí Mozart kọ ní 1791, ìyẹn orin tí onífèrè kan ti ń léwájú ọ̀kẹ́sítírà, klárínẹ́ẹ̀tì A tí ohùn ẹ̀ tún rẹlẹ̀ díẹ̀ sí ti B-flat ló kọ ọ́ fún, ìdí nìyẹn táwọn onífèrè klásíkà fi máa ń gbé méjì kiri. Má tíì ra ìkejì o, ìwé wà tí wọ́n ti tún un kọ fún B-flat, fi ìyẹn kọ́ ọ ná. Kó o sì máa kí ọ̀gá yín dáadáa, ẹ máa nílò ara yín.

Ọ̀gá olóòtú, ẹ kú iṣẹ́. Ọmọ mi obìnrin ti wọ yunifásítì láti ka Accounting, ó wá ní òun ò lọ mọ́, pé ilé ẹ̀kọ́ músíìkì MUSON l'Ékòó lòun fẹ́ lọ torí klárínẹ́ẹ̀tì. Ta ló ń fi fèrè jẹun?
Ìyá tí ọkàn ẹ̀ ò balẹ̀, Kàbbà

Màmá, ẹ pẹ̀lẹ́ o. Mi ò ní sọ fún yín pé owó wà nínú ẹ̀ rẹpẹtẹ. Goodman pàápàá, owó ijó ló fi ń ṣe klásíkà. Ní 1947, $2,000 ló san fún Aaron Copland kó lè kọ concerto fún un, ibi táwọn ọ̀dọ́ ti ń jó sí orin ẹ̀ ló sì ti rówó yẹn. Bó ṣe rí níbí náà nìyẹn, ìgbéyàwó, òkú àgbà àti ṣọ́ọ̀ṣì ló máa sanwó ilé, Mozart á máa jẹ nínú ẹ̀.

Ṣùgbọ́n iṣẹ́ oṣù wà. Bándì ológun àti ti ọlọ́pàá ń gba onífèrè, klárínẹ́ẹ̀tì ló sì ń ṣe ohun tí vayolíìnì ń ṣe nínú ọ̀kẹ́sítírà fún irú bándì bẹ́ẹ̀, wọn ò lè ṣe é láìní wọn. Kì í ṣe ọkùnrin nìkan o, Anat Cohen, obìnrin ọmọ Ísírẹ́lì tó wà nídìí klárínẹ́ẹ̀tì jáàsì lónìí, bándì ológun òfurufú ilẹ̀ wọn ló ti lo ìgbà sójà ẹ̀, sáksófóònù ló ń fọn níbẹ̀. Tíṣà músíìkì náà wà, ilé ìwé aládàáni ń wá wọn.

Nínú Yorùbá náà, Fela Sowande ń ta jáàsì ní London, òun ló ń ta ọ́gáànù fún akọrin obìnrin tó ń jẹ́ Adelaide Hall, bẹ́ẹ̀ ló gba ìwé ẹ̀rí tó ga jù táwọn olọ́gáànù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ń gbà ní 1943. Fela Kuti náà, dókítà ni wọ́n rán an lọ kọ́ ní London ní 1958, Trinity College of Music ló forúkọ sílẹ̀ sí. Mi ò ní kẹ́ ẹ máa fi ìyẹn tu ara yín nínú o, torí ọmọ tó ṣe bẹ́ẹ̀ tí kò di Fela pọ̀ ju èyí tó dì í lọ. Bó bá jẹ́ tèmi, màá ní kó lọ ka Accounting yẹn ní yunifásítì tó ní ẹ̀ka músíìkì, bíi Ifẹ̀, kó máa ṣe ABRSM, ìdánwò músíìkì ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, lọ́kọ̀ọ̀kan, gíréèdì 1 títí dé 8. Tó bá dé gíréèdì 8 tí iná ọ̀hún ò sì tíì kú, màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kó lọ MUSON.

Klárínẹ́ẹ̀tì onígi tí ẹ̀gbọ́n mi rà fún mi sán lára nígbà ọyẹ́, lápá òkè, ó lọ gbọọrọ. Ṣé ó ti tán nìyẹn?
Onífèrè, Mọ̀pà

Kò tíì tán. Igi dúdú líle kan tó ń wá láti Tanzania àti Mozambique ni wọ́n fi ń ṣe é. Tó o bá ń fọn ọ́n láàárọ̀ ọyẹ́, èémí gbígbóná olómi á mú kí inú ẹ̀ wú nígbà tí ìta tutù tó sì gbẹ, ibẹ̀ ni igi á ti ya. Apá òkè ló sì máa ń kọ́kọ́ ṣe torí òun ló sún mọ́ ẹnu. Gbé e fún ẹni tó mọ klárínẹ́ẹ̀tì tún ṣe, wọ́n á fi gọ́ọ̀mù tó lágbára dí i tàbí kí wọ́n fi irin tẹ́ẹ́rẹ́ dè é nínú, á sì máa dún. Má jẹ́ kí káfíńtà fọwọ́ kàn án.

Bọ́yẹ́ bá tún dé, fi abíyá mú un lọ́wọ́ọ́rọ́ díẹ̀ kó o tó fọn, má fọn ọ́n pẹ́, fi aṣọ nu inú ẹ̀ kó gbẹ kó o tó kó o sápótí. Tó o bá lè rí klárínẹ́ẹ̀tì oníke tokunbo rà, ìyẹn ni kó o máa gbé lọ síta láti December títí dé February, kì í sán.