Báwo ni Quincy Jones, olórin ọmọ Amẹ́ríkà tó tún máa ń bá àwọn olórin mìíràn ṣe àwo, ṣe wà lójú ọpọ́n láti ayé jáàsì títí di ayé ráàpù?

Ohun tó gbé e ró jù ni pé ó mọ orin kọ sílẹ̀, ó sì mọ ẹni tó yẹ kó pè síṣẹ́. Chicago ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1933. Trọ́ńpẹ́ẹ̀tì ló ń fọn nínú ẹgbẹ́ jáàsì Lionel Hampton, kó tó lọ kẹ́kọ̀ọ́ sí i lọ́dọ̀ Nadia Boulanger, olùkọ́ orin, ní Paris.

Nígbà tí ọjà jáàsì ń kú lọ, kò jókòó máa ráhùn. Ó ṣe "It's My Party" fún Lesley Gore lọ́dún 1963, orin àwọn ọ̀dọ́langba pọ́ńbélé. Lọ́dún 1964 ó di igbákejì ààrẹ ní Mercury, ilé-iṣẹ́ tó ń gbé àwo orin jáde, ipò tí aláwọ̀ dúdú kì í sábà dé nígbà náà. Ó tún kọ orin fún sinimá.

Ti Michael Jackson lẹ́yìn náà ni gbogbo ayé mọ̀: "Off the Wall" (1979), "Thriller" (1982), "Bad" (1987). Rod Temperton kọ orin mélòó kan sínú méjì àkọ́kọ́, Bruce Swedien ń gba ohùn sílẹ̀. Eddie Van Halen, ọmọ rọ́ọ̀kì, ló ta gìtá nínú "Beat It". Lójú tèmi, ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n rẹ̀ ti hàn: kò sí irú orin tó kà sí ti ọ̀tá.

Nígbà tí ráàpù dé, ó kó Ella Fitzgerald, akọrin jáàsì, àti Ice-T, ọmọ ráàpù, pọ̀ sínú àwo kan náà, "Back on the Block" (1989). Àwo yẹn gba Grammy, àmì ẹ̀yẹ orin ní Amẹ́ríkà, fún àwo orin tó dára jù lọ lọ́dún 1991. Grammy 28 ló ní kó tó kú lọ́dún 2024.