Ọmọ wa ní guard nínú football lòun fẹ́ ṣe, tó bá yá òun á di kóòṣì: ṣé iṣẹ́ nìyẹn?

Ìbéèrè

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin òbí. Bowie ní Maryland la wà. Ọmọkùnrin wa pé ọdún 16 lóṣù tó kọjá. Ó ti ga ju bàbá rẹ̀ lọ, ó sì tóbi débi pé mo máa ń wá bàtà tó bá a mu kiri ṣọ́ọ̀bù ni. Basketball la rò pé yóò máa gbá, àfi bí kóòṣì football, bọ́ọ̀lù àwọn ará Amẹ́ríkà tí wọ́n ń fọwọ́ gbé, ṣe rí i níbi oúnjẹ ọ̀sán nílé-ìwé tó sì mú un lọ. Guard ni wọ́n ní ó ń ṣe. Mo ti lọ wò ó lẹ́ẹ̀mẹta, n kò tíì rí i kó fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù. Ó kàn ń ti ọmọ ọlọ́mọ kiri ni. Bàbá rẹ̀ ní torí ìwé la ṣe wá sílùú òyìnbó, kì í ṣe torí ìjàkadì. Ní Sunday tó kọjá, bí a ṣe ń jẹun lọ́wọ́, ọmọ yìí ní òun ti mọ ohun tí òun máa fayé òun ṣe: òun á gbá a ní yunifásítì, òun á gbá a gba owó, tí ara bá kọ̀, òun á di kóòṣì, bíi ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Mike Munchak. Bàbá rẹ̀ fi àmàlà sílẹ̀, ó wọ yàrá lọ. Ẹ̀yin tí ẹ ti gba ọ̀nà yìí rí, ẹ dákun, ṣé iṣẹ́ gidi nìyẹn? Ẹ̀rù bí wọ́n ṣe ń forí sọ ara wọn náà ò sì jẹ́ kí n sùn.

Ìdáhùn

Ẹ kú ìtọ́jú ọmọ, ìyá wa, ẹ sì bá mi kí bàbá ọmọ. Houston lèmi wà. Àkọ́bí mi ṣe guard fún ọdún mẹ́ta ní háísíkúùlù kí orúnkún tó dá a dúró, nítorí náà ohun tí ojú mi rí ni mo fẹ́ sọ.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ti "kò fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù" kúrò nílẹ̀. Ẹ̀rín pa mí nígbà tí mo kà á, torí ohun tí èmi náà béèrè lọ́dún àkọ́kọ́ nìyẹn. Ọmọ márùn-ún ló máa ń tò síwájú. Center wà láàárín, òun ló ń ti bọ́ọ̀lù gba àárín ẹsẹ̀ rẹ̀ sẹ́yìn fún quarterback, ẹni tó ń darí eré. Guard kan wà lọ́tùn-ún rẹ̀, ọ̀kan wà lósì. Tackle ló wá wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ guard níhà méjèèjì. Iṣẹ́ wọn ni pé kí ọ̀tá má dé ọ̀dọ̀ quarterback, kí wọ́n sì la ọ̀nà fún ẹni tó ń gbé bọ́ọ̀lù sáré. Bí wọ́n bá ṣe é dáadáa, ẹlòmíràn ni wọ́n máa yìn. Ìgbà tí ẹ bá gbọ́ nọ́ńbà ọmọ yín lẹ́nu rẹfirí, á jẹ́ pé ó di aṣọ ẹnìkan mú nìyẹn, wọ́n á sì dá gbogbo ẹgbẹ́ padà sẹ́yìn ní yáàdì 10.

Ohun tí n kò mọ̀ nígbà náà ni bí iṣẹ́ yìí ṣe ń fẹ́ ọpọlọ tó. Bí ọ̀tá kan bá ṣí ẹsẹ̀ díẹ̀ lọ sápá òsì, center á pariwo ọ̀rọ̀ kan, àwọn márààrún á sì pààrọ̀ ẹni tí oníkálukú máa dojú kọ, kí bọ́ọ̀lù tó kúrò nílẹ̀. Bí mẹ́rin bá mọ̀ ọ́n tí ẹnìkan gbàgbé, wọ́n ti wó quarterback mọ́lẹ̀ nìyẹn. Ìdí rèé tí kò fi yà mí lẹ́nu pé àwọn kan nínú wọn máa ń di olùkọ́.

Ó dáa, Munchak tí ọmọ yín dárúkọ. Ọmọ yín gbọ́n, ẹ má bínú. Àwọn àgbà Houston ṣì ń sọ̀rọ̀ ọkùnrin náà. Ọmọ Scranton ní Pennsylvania ni, Penn State ló lọ. Ní 1982, Houston Oilers mú un ní ipò kẹjọ nínú gbogbo ọmọ yunifásítì tó jáde lọ́dún náà. Guard apá òsì ló ṣe fún sáà 12, wọ́n sì yàn án fún Pro Bowl, ìyẹn eré àwọn àṣàyàn, lẹ́ẹ̀mẹ́sàn-án. Orúnkún ló lé e kúrò lórí pápá. Nígbà tí sáà 1993 parí, kò tíì pé ọmọ ọdún 34. Ní 2001 wọ́n gbà á sí Hall of Fame, ilé ìrántí àwọn akọni football, ní Canton, Ohio.

Ibi tí mo fẹ́ kí bàbá ọmọ tẹ́tí sí nìyí. Ní 1994, ẹni tó ti ṣe Pro Bowl mẹ́sàn-án yìí padà sí ẹgbẹ́ kan náà, ó sì bẹ̀rẹ̀ látìsàlẹ̀. Olùrànlọ́wọ́ lásán ni, ní irú ipò tí wọ́n máa ń fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ṣẹ́. Ọdún mẹ́ta ló fi ṣe é. Ní 1997 tí ẹgbẹ́ náà kó kúrò ní Houston lọ sí Tennessee, níbi tó ti wá di Titans, ni wọ́n tó fi àwọn márùn-ún iwájú lé e lọ́wọ́. Ó wà níbẹ̀ títí di 2010. Ọ̀kan nínú àwọn tó ń kọ́ ni Bruce Matthews, tí wọ́n ti jọ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn láti 1983! Matthews gbá a fún sáà 19, ìfarapa ò sì dá a dúró bíi ti ọ̀rẹ́ rẹ̀. Ẹ wò ó: àwọn méjì ṣe iṣẹ́ kan náà nínú ẹgbẹ́ kan náà, ara ọ̀kan kọ̀ ní sáà kejìlá, ti èkejì gbé e dé mọ́kàndínlógún. Kò sí kóòṣì tó lè sọ fún yín èwo nínú méjèèjì ni ti ọmọ yín.

Titans dé Super Bowl, ìyẹn àṣekágbá, ní January 2000, yáàdì kan ló kù tí wọn ì bá fi gba góòlù tí wọ́n ń wá nígbà tí àkókò tán, St. Louis Rams ló borí, 23 sí 16. Ní 2009, Chris Johnson gbé bọ́ọ̀lù sáré ní 2,006 yáàdì lẹ́yìn àwọn tí Munchak kọ́. Orúkọ Johnson ni gbogbo ayé mọ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ló máa ń rí.

Wọ́n fi í ṣe olórí kóòṣì ní 2011. Sáà mẹ́ta ló lò, ó borí lẹ́ẹ̀mejìlélógún, ó pàdánù lẹ́ẹ̀mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n, wọ́n sì ní kó máa lọ. Ìròyìn ìgbà náà ni pé wọ́n ní kó lé púpọ̀ nínú àwọn tó ń bá a ṣiṣẹ́ kí àyè òun lè wà níbẹ̀, ó ní rárá. Matthews wà lára àwọn tó ń bá a ṣiṣẹ́. Ẹ̀yin ẹ rò ó wò.

Ó gba Pittsburgh lọ, ó padà sídìí iṣẹ́ tó mọ̀ jù. Níbẹ̀ ló ti rí Alejandro Villanueva, ọmọ ogun tó ti lọ sójú ogun ní Afghanistan lẹ́ẹ̀mẹta, tó ti lé ní ọdún 25, tí ẹgbẹ́ mìíràn ti fẹ́ sọ di ẹni tó ń lé quarterback tí wọ́n sì jọ̀wọ́ rẹ̀. Munchak kọ́ ọ ní tackle apá òsì, ó sì dé Pro Bowl lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́yìn Pittsburgh, Denver, láti 2019 sí 2021. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀: sáà 12 ló fi gbá a, sáà 28 ló fi kọ́ ọ. Iṣẹ́ olùkọ́ ló bọ́ ọ pẹ́ jù.

Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí ọmọ rò pé ọ̀nà tí gbogbo ènìyàn ń gbà nìyẹn. Ẹgbẹ́ 32 péré ló wà ní NFL, ìyẹn líìgì àwọn tó ń gbá a gba owó, kóòṣì àwọn márùn-ún iwájú nínú ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan kì í ju ọ̀kan tàbí méjì lọ. Ẹgbẹ́ àwọn agbábọ́ọ̀lù fúnra wọn ní ìpíndọ́gba iye ọdún tí agbábọ́ọ̀lù ń lò níbẹ̀ lé díẹ̀ ní mẹ́ta. Ọ̀pọ̀ kóòṣì tí ẹ máa rí ní Texas níbí, tíṣà ni wọ́n: ìtàn ni wọ́n ń kọ́ láàárọ̀, pápá ni wọ́n wà nírọ̀lẹ́. Àwọn tó gba yunifásítì máa ń bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí graduate assistant, tí ilé-ìwé á san owó ẹ̀kọ́ máàsítà wọn, tí wọ́n á sì fún wọn ní owó táṣẹ́rẹ́ lóṣooṣù. Ẹni tí kò ní díígíì àkọ́kọ́ ò lè débẹ̀. Ọmọ tèmi ń kọ́ láti di tíṣà ìṣirò báyìí, ó ń ran kóòṣì rẹ̀ àtijọ́ lọ́wọ́ nírọ̀lẹ́, owó tí wọ́n ń fún un kò tó epo ọkọ̀. Inú rẹ̀ dùn lọ́nà tí n kò rí rí.

Nítorí náà, ìyá wa, ọ̀rọ̀ ìwé àti ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ò bára wọn jà. Ẹ dárúkọ Olumuyiwa Fashanu fún bàbá ọmọ, kó gbọ́ orúkọ náà dáadáa. Waldorf ló ti wá, kò jìnnà sí yín, Penn State ti Munchak náà ló lọ, tackle ló ń ṣe. Ó lè jáde ní 2023, àwọn tó mọ̀ ọ́n ti ń sọ pé wọ́n á tètè mú un, àmọ́ ó padà sílé-ìwé fún ọdún kan sí i. Ní 2024 New York Jets mú un ní ipò kọkànlá.

Ti orí, ẹ̀rù yín tọ́, n kò ní fi dídùn bò ó. Ọmọ Nàìjíríà bíi tiwa, Dókítà Bennet Omalu, ló yẹ ọpọlọ Mike Webster wò ní Pittsburgh ní 2002. Center ni Webster, ẹni ọdún 50 ni nígbà tó kú. Àìsàn ọpọlọ tí wọ́n ń pè ní CTE ni Omalu rí níbẹ̀, ó sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2005. Ní 2017, àwọn onímọ̀ ní Boston yẹ ọpọlọ 111 tó jẹ́ ti àwọn tó gbá NFL wò, wọ́n rí i nínú 110. Òótọ́ ni pé àwọn ẹbí tó ti rí àmì lára ènìyàn wọn ló sábà máa ń fi ọpọlọ sílẹ̀, nítorí náà iye yẹn ò kan gbogbo ẹni tó gbá a. Ṣùgbọ́n ìkọlù kéékèèké lójoojúmọ́ làwọn ará iwájú ń gbà, kì í ṣe èyí tó ń dá ènìyàn kú lójú pápá nìkan.

Ẹ lọ bá kóòṣì. Ẹ bi í bóyá elétò ìlera kan wà lórí pápá níbi ìdánrawò, àti ọjọ́ mélòó lọ́sẹ̀ tí wọ́n fi ń kọlu ara wọn gidi. Ẹ wo akoto rẹ̀ fúnra yín. Bó bá ń mì lórí, kò dáa. Gbogbo ìpínlẹ̀ Amẹ́ríkà ló ní òfin pé ọmọ tí orí rẹ̀ bá fara gbá gbọ́dọ̀ jáde, kò sì ní padà títí elétò ìlera á fi fọwọ́ sí i. Fún orúnkún, kò sírú òfin bẹ́ẹ̀. Tèmi sọ pé ó ń ro òun, kóòṣì ní kó so ó kó máa gbá a lọ, mo sì gbà, torí n kò fẹ́ kí wọ́n pè wá ní aláṣejù. Ìyẹn ṣì ń dùn mí. Ẹ tún ṣọ́ra tí wọ́n bá ní kó sanra sí i. Ọmọ tó tín-ín-rín, tí kò mọ iyán, ni wọ́n ń bá sọ bẹ́ẹ̀. Ọmọ ilé tiwa ò nílò ìrànlọ́wọ́ wọn.

Ní Saturday, kí bàbá rẹ̀ jókòó tì í, kí wọ́n jọ wo eré kan, kí wọ́n má wo bọ́ọ̀lù rárá, guard apá òsì nìkan ni kí wọ́n máa wò. Kó bi í pé, "Kí ló dé tó fi fi ẹsẹ̀ yẹn sẹ́yìn?" Tèmi kó àwo iyọ̀ àti ata gígún sórí tábìlì, ó fi ogójì ìṣẹ́jú ṣàlàyé eré kan ṣoṣo tí kò ju ìṣẹ́jú àáyá márùn-ún lọ. Tí bàbá ọmọ bá fẹ́ bá mi sọ̀rọ̀, ilé ni mo máa ń wà ní alẹ́ Wednesday.