Ta ló pọ̀n mí lóru ọjọ́ yẹn?

Àbúrò mi n'Ílé-Ifẹ̀,

O ní ọmọ ọdún méje ni ọ́ lọ́dún 1997 tí ìjà Ifẹ̀ àti Modákẹ́kẹ́ lé yín kúrò nílé. O ní ẹ̀gbọ́n rẹ obìnrin fi ọ́ sílẹ̀ ní Lagere, ìyá kan tí o kò mọ̀ rí ló pọ̀n ọ́ títí ẹ fi rí ọkọ̀ Iléṣà wọ̀. Ẹ̀gbọ́n rẹ ní òun lòun pọ̀n ọ́. Ó pè ọ́ ní òpùrọ́ lójú àwọn àna yín, ìwọ náà sì búra pé o ò ní dé ibi ayẹyẹ àádọ́ta ọdún rẹ̀.

Kò yẹ kó pè ọ́ ní òpùrọ́, pàápàá lójú àna. Ó jẹ ọ́ ní àforíjì. Ṣùgbọ́n "ó ṣe kedere lójú mi bí àná" tí o ń tẹnu mọ́ yẹn, mi ò lè fi dájọ́.

Lọ́dún 1986, Challenger, ọkọ̀ tí Amẹ́ríkà fi ń gbé èèyàn lọ sí gbalasa òfuurufú, tú ká lójú ọ̀run, èèyàn méje sì kú. Nígbà tílẹ̀ mọ́, Ulric Neisser àti Nicole Harsch, àwọn tó ń ṣèwádìí nípa ìrántí, ní kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kan kọ ibi tí wọ́n wà nígbà tí wọ́n gbọ́ sílẹ̀. Lẹ́yìn nǹkan bí ọdún méjì àtààbọ̀, wọ́n tún bi 44 nínú wọn. 11 ṣì gbogbo rẹ̀ sọ, síbẹ̀ ó dá ọ̀pọ̀ nínú àwọn 44 náà lójú ṣáká pé àwọn rántí dáadáa. Kódà nígbà tí wọ́n fi ìwé tí wọ́n fọwọ́ ara wọn kọ hàn wọ́n, ti àtijọ́ ò padà wá sí wọn lọ́kàn.

Bí ilé alámọ̀ tí à ń rẹ́ lọ́dọọdún ni ìrántí rí. Gbogbo ìgbà tí ẹ bá sọ ìtàn òru yẹn, ẹ̀ ń fi amọ̀ tuntun kún un: ohun tí ìyá yín sọ, ohun tí ará àdúgbò sọ. Ó ṣeé ṣe kí ẹ̀gbọ́n rẹ pọ̀n ọ́ dé ibì kan, kí ìyá yẹn sì gbà ọ́ lẹ́yìn rẹ̀. Bó bá sì jẹ́ pé ó fi ọ́ sílẹ̀ lóòótọ́, ó lè ti sọ ọ́ lọ́nà mìíràn fún ara rẹ̀ títí tó fi di ohun tó ń rí. Irọ́ kọ́ nìyẹn. Nítorí náà, má fi "ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé" bú u mọ́.

Àǹtí yín tó gbà yín sílé n'Íléṣà ṣì wà. Lọ bá wọn. Má bi wọ́n pé, "Ṣebí ó fi mí sílẹ̀?" Láti 1974 ni Elizabeth Loftus, tóun náà ń ṣèwádìí nípa ìrántí, ti fi hàn pé ọ̀rọ̀ tí a fi béèrè lè yí ohun téèyàn rántí padà. Ní kí wọ́n sọ ohun tí wọ́n rí nígbà tí ẹ dé, kí o sì dákẹ́.

Lẹ́yìn náà, lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ ṣáájú ọjọ́ ayẹyẹ, nígbà tí èrò ò sí níbẹ̀. Sọ fún un bí ẹ̀rù ṣe bà ọ́ tó lóru yẹn. Mo rò pé kò gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ rí.