Ṣé Lọ́jọ́ Kan Náà Ni Tata Bẹ̀rẹ̀ Gbogbo Òwò Ẹ̀?

Ìbéèrè: Ọ̀gá mi, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ní mílíọ̀nù kan àtààbọ̀, mo fẹ́ fi ṣí POS, ọ̀sìn adìẹ, píọ́ wọ́tà àti ṣọ́ọ̀bù fóònù pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, kí n sì fi "Group" sí orúkọ ẹ̀. Wọ́n ní bí Tata, iléeṣẹ́ ńlá ti India, ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

Ìdáhùn: Àbúrò, mi ò tíì ka lẹ́tà ẹ dé ìdajì tí mo ti mọ sẹ́mínà tó o lọ. Irú ẹ̀ ń pọ̀ jù lọ́dọ̀ mi báyìí.

Ta ló sọ fún ẹ pé Tata bẹ̀rẹ̀ òwò mẹ́rin pọ̀? Irọ́ gbáà ni! Jamsetji Tata, ọmọ ẹ̀yà Parsi láti Navsari ní Gujarat, ní India, 21,000 rúpìì ló fi dá ilé òwò sílẹ̀ ní 1868, ríra àti títà lásán ló ń ṣe. Lẹ́yìn náà ló ra iléeṣẹ́ òróró kan tó ti kógbá sílé ní Bombay, ó sọ ọ́ di iléeṣẹ́ òwú, kò ju bí ọdún méjì lọ tó fi tà á lérè. 1877 ló wá ṣí Empress Mills, iléeṣẹ́ òwú mìíràn, ní Nagpur, ibi tí wọ́n ti ń gbin òwú gan-an ló gbé e lọ, kò jókòó sí Bombay tí gbogbo èèyàn ń rọ́ lọ. Òwú yìí ló ń mówó wọlé. Ó gbìyànjú ọkọ̀ ojú omi, àwọn òyìnbó já owó ọkọ̀ wálẹ̀ lé e lórí, ló bá pa á tì. Irin tó ń lá àlá ẹ̀, ó kú ní 1904 láì fojú rí i, àwọn ọmọ ẹ̀ ló dá iléeṣẹ́ náà sílẹ̀ ní 1907, irin sítíìlì àkọ́kọ́ sì jáde ní 1912. Ka ọdún tó wà láàárín 1877 sí ìgbà yẹn, kó o wá sọ fún mi bóyá lọ́jọ́ kan náà ni.

Síbẹ̀, ní 1924, iléeṣẹ́ irin yẹn fẹ́ rì, àfi ìgbà tí Dorabji ọmọ Jamsetji fi dúkìá ara ẹ̀ àti dáyámọ́ńdì ìyàwó ẹ̀ dógò ní báńkì. Ṣé ìyàwó tìẹ ní dáyámọ́ńdì?

Ohun mìíràn: Tata Steel, Tata Motors, TCS (iléeṣẹ́ kọ̀ǹpútà wọn) tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1968, kálukú ló ní ìwé ìṣirò tiẹ̀. Tata Sons ni kọ́ńpìnì ìyá tó di ṣíà mú nínú wọn, àwọn àjọ aláàánú ló sì ni bíi 66% nínú òun fúnra ẹ̀. Ìwọ ńkọ́? Tí àrùn bá wọ inú adìẹ, owó POS lo máa fi ra oògùn, oníbàárà á dé, kò ní sí káàṣì, òwò méjì ti lọ nìyẹn.

Mi ò tíì rí àkáǹtì ẹ o, nítorí náà má fi èyí ṣe àṣẹ. Orúkọ tó bá ní "Group", CAC, àjọ tó ń forúkọ iléeṣẹ́ sílẹ̀, gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i kó tó dúró, béèrè lọ́wọ́ lọ́yà. Tèmi ni pé kó o mú ẹyọ kan, èyí tó o mọ̀ jù, ṣí àkáǹtì tiẹ̀ lọ́tọ̀, ṣe é fún ọdún kan kó o tó tún kọ̀wé sí mi. Kó o sì lọ bèèrè owó sẹ́mínà yẹn padà.