Ṣé Àyẹ̀wò Ìtọ̀ Máa Ń Rí Olú Tí Ń Da Iyè Rú?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, sà. Ọmọ mi ọkùnrin wà ní yunifásítì ní Àgọ́-Ìwòyè. Mo bá olú gbígbẹ nínú àpò rẹ̀, ọ̀rẹ́ rẹ̀ sì jẹ́wọ́ fún mi pé irú èyí tó ń pa èèyàn bí ọtí ni, pé wọ́n jọ jẹ nínú rẹ̀. Ní ọjọ́ kẹrin, mo mú un lọ ṣe àyẹ̀wò ìtọ̀ ní Ìjẹ̀bú-Òde, èsì rẹ̀ sì ní kò sí nǹkan kan. Àbúrò mi ní epo pupa tí mo fún un mu ló fọ̀ ọ́ kúrò. Ṣé kí n fọkàn balẹ̀? (Ìyá kan, Ìjẹ̀bú-Igbó)

Ìdáhùn: Mo kí yín, ìyá wa. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni irú ìbéèrè yìí ti dé ọ̀dọ̀ mi láàárín oṣù kan, ìdí sì nìyí tí mo fi fẹ́ dáhùn rẹ̀ ní gbangba. Àyẹ̀wò tí wọ́n ṣe fún ọmọ yín kò wá olú rárá. Nítorí náà, èsì náà kò dá a láre, kò sì dá a lẹ́bi.

Ohun tí mo bẹ̀ yín kí ẹ mú kúrò lọ́kàn ni èrò pé àyẹ̀wò egbòogi olóró jẹ́ ojú kan tó ń wo gbogbo ohun tó wà nínú ara èèyàn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Sítírípù tí a ń tì bọ inú ìtọ̀ ní ọ̀pọ̀ láàbù wa, ojú kọ̀ọ̀kan rẹ̀ ni a ṣe fún oògùn kan tàbí ẹbí oògùn kan: igbó, kokéènì, mọfíìnì, amfetamíìnì, àti tramadol nínú àwọn mìíràn. Bí ẹ bá ra olójú márùn-ún, ohun márùn-ún ni ẹ béèrè, ohun márùn-ún náà ni yóò dá yín lóhùn. Psilocybin, èròjà inú olú tí ẹ ń sọ, kì í sí lára wọn. Àní ní Amẹ́ríkà, níbi tí ààrẹ wọn ti pàṣẹ àyẹ̀wò fún àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ní ọdún 1986, kò sí lára ohun tí wọ́n ń wá.

Ọ̀nà tí a gbà ń ka sítírípù náà tún ń ṣi ọ̀pọ̀ èèyàn lọ́nà. Ìyá kan wá bá mi láti Orù, omijé ń dà lójú rẹ̀, ó di sítírípù tí ó rà ní ṣọ́ọ̀bù olóògùn mú, ó sì ń nà án sí mi pẹ̀lú ọwọ́ tó ń gbọ̀n. Ìlà pupa méjì ló rí lábẹ́ orúkọ kọ̀ọ̀kan, ó sì gbà pé gbogbo oògùn yẹn ni ọmọ òun ti jẹ, nítorí pé ìlà méjì ni ti oyún. Ti oògùn kò rí bẹ́ẹ̀: ìlà méjì ni ti ẹni tí a kò rí nǹkan lára rẹ̀, ìlà kan ṣoṣo ni ti ẹni tí a rí i lára rẹ̀. Òdiwọ̀n sì wà níbẹ̀. Ti igbó sábà máa ń jẹ́ 50 nánógíráàmù nínú mílílítà ìtọ̀ kan, ohunkóhun tí kò bá tó bẹ́ẹ̀, sítírípù yóò kà á sí òfo. Bí a bá wá kọ "nẹ́gétíìfù" sínú ìwé èsì, ohun tí a ń sọ ni pé ohun tí a wá kò tó iye tí a lè rí. A kò sọ pé ọmọ yín kò jẹ nǹkan kan.

Àyẹ̀wò tó lè rí olú yìí wà, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ ńlá ló ń ṣe é, ẹni tó bá fẹ́ ẹ sì gbọ́dọ̀ dárúkọ rẹ̀. Bí psilocybin bá wọ inú, ara á sọ ọ́ di psilocin, ìdajì èyí á sì ti kúrò nínú ẹ̀jẹ̀ láàárín nǹkan bíi wákàtí méjì sí mẹ́ta. Kí ọjọ́ kan tó pé, púpọ̀ nínú rẹ̀ ti bá ìtọ̀ lọ. Ọjọ́ kẹrin ni ẹ mú ọmọ yín lọ. Ẹ̀dọ̀ àti kíndìnrín rẹ̀ ló ṣe iṣẹ́ tí àbúrò yín ń yin epo pupa fún. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fún ẹni tí orí rẹ̀ ti dàrú ní epo mu láé, nítorí pé ó lè ṣìnà wọ ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀.

Mo mọ̀ pé àwọn ọ̀dọ́ kan yóò ka èyí, wọn yóò sì ní bí àyẹ̀wò kò bá ti rí i, kò léwu. Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ gbọ́. Olú ọ̀gán tí a ń rà lásìkò òjò, ẹni tó tu ú mọ ọ̀gán tó ti tu ú. Olú gbígbẹ tí wọ́n ti rún sínú ọ̀rá, èmi tí mo ti pẹ́ nídìí máíkírósíkóòpù kò lè fojú lásán sọ ohun tó jẹ́. Olú kan wà tí à ń pè ní Amanita phalloides, ẹni tó bá jẹ ẹ́ lè lo wákàtí mẹ́fà tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ láìmọ nǹkan kan lára. Lẹ́yìn náà ni èébì àti ìgbẹ́ gbuuru yóò dé, ara á tún dà bí ẹni pé ó ti yá, bẹ́ẹ̀ ẹ̀dọ̀ ń bàjẹ́ lọ. Ní ọdún 2024, wọ́n kó ṣokoléètì kan tí wọ́n ń tà gẹ́gẹ́ bí ti olú kúrò lọ́jà ní Amẹ́ríkà, nítorí pé àwọn kan lára àwọn tó jẹ ẹ́ dákú, gìrì sì mú àwọn mìíràn. Muscimol, tó ń wá láti inú irú olú mìíràn pátápátá, wà lára ohun tí wọ́n bá nínú rẹ̀.

Ìyá wa, oníṣẹ́ láàbù ni mí, èmi kì í ṣe dókítà, n kò sì fojú rí ọmọ yín. Ṣùgbọ́n ẹ má tún ná kọ́bọ̀ lórí àyẹ̀wò mìíràn. Ẹ jókòó tì í, ẹ má pariwo, ẹ bi í léèrè ohun tó jẹ, ìgbà mélòó, àti ibi tó ti rí i. Ẹ bi í bóyá ó ń gbọ́ ohùn tí ẹlòmíràn kò gbọ́, tàbí kò rí oorun sùn. Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, tàbí bí àìsàn ọpọlọ bá ti wà nínú ẹbí yín tàbí ti bàbá rẹ̀ rí, ẹ mú un lọ sí Àró ní Abẹ́òkúta. Bí ó bá tún jẹ ẹ́ tí ó sì ń bì, ẹ má dúró de ilẹ̀ mọ́. Ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn yunifásítì ní Ṣàgámù, kí ẹ sì mú ìyókù olú náà dání nínú bébà, ẹ má fi ọ̀rá dì í, kó má baà jẹrà kí wọ́n tó yẹ̀ ẹ́ wò.