Ẹ Béèrè, Ẹ Gbọ́ Èsì: Rélùwéè Tó Gun Òkè Washington

Láti ìgbà tí a ti mẹ́nu kan ilé iṣẹ́ tó kọ́ ojú irin gun Òkè Washington ní ìpínlẹ̀ New Hampshire, Amẹ́ríkà, láàárín ọdún 1866 sí 1869, ìbéèrè kò yéé wọlé. A mú díẹ̀ nínú wọn.

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Kí ló dé tí rélùwéè lásán kò lè gun òkè? Ṣé agbára ẹ́ńjìnnì ni kò tó ni?

Èsì: Agbára kọ́. Ẹsẹ̀ irin tó ń yí lórí irin dídán kò rí ohun dì mú. Bí ojú ọ̀nà bá ti ń ga ju nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 5 tàbí 6 nínú gbogbo 100 lọ, ẹsẹ̀ ọkọ̀ á máa yí sójú kan, pàápàá bí òjò bá ti pa irin. Òkè Washington ń ga ní nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 25 nínú 100 tí a bá pín in dọ́gba. Níbi tó le jù, tí wọ́n ń pè ní Jacob's Ladder, ó lé ní 37.

Ohun tí Sylvester Marsh, ẹni tó di olówó nídìí òwò ẹran ní Chicago, ṣe ni pé ó fi ojú irin kẹta sí àárín méjì tí a mọ̀. Irin tẹ́ẹ́rẹ́ méjì ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, wọ́n sì fi ọ̀pá irin róbótó so wọ́n pọ̀, íǹṣì 4 láti ọ̀kan dé èkejì, bí àkàbà tí wọ́n tẹ́ sílẹ̀. Abẹ́ ẹ́ńjìnnì ní kẹ̀kẹ́ eléyín tí eyín rẹ̀ ń wọ àárín àwọn ọ̀pá náà. Kẹ̀kẹ́ eléyín yìí nìkan ni agbára ẹ́ńjìnnì ń yí. Ti àwọn ẹsẹ̀ dídán tó kù kò ju kí wọ́n gbé ẹrù, kí wọ́n má sì jẹ́ kí ọkọ̀ yà lọ.

Eyín náà gùn débi pé, nígbàkígbà, ó kéré tán méjì máa ń wà láàárín àwọn ọ̀pá. Ọgbọ́n kejì, tí kì í tètè hàn síni, ni pé ìsàlẹ̀ àkàbà náà ṣí sílẹ̀. Òkúta wẹ́wẹ́ àti yìnyín á jábọ́ láàárín rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ pé ìsàlẹ̀ rẹ̀ dí ni, yìnyín á kún inú rẹ̀, á le, á sì máa ti eyín sókè. Eyín tí kò bá wọlé dáadáa lè gun orí ọ̀pá, kí ó sì bọ́.

Ìbéèrè: Ọ̀rẹ́ mi kan ní Switzerland ni wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe irú rẹ̀. Ta ló jàre?

Èsì: Marsh ló ṣáájú nínú gígun òkè. Ojú irin Òkè Rigi ní Switzerland tí Niklaus Riggenbach ṣe bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láti Vitznau ní ọjọ́ 21 oṣù Karùn-ún ọdún 1871, lẹ́yìn tí ti Amẹ́ríkà ti dé góńgó. Ṣùgbọ́n kò sí olè níbẹ̀ o. Riggenbach ti gba ìwé ẹ̀tọ́ lórí ìhùmọ̀ tirẹ̀ ní ilẹ̀ Faransé lọ́dún 1863, Marsh sì ti gba tirẹ̀ ní Amẹ́ríkà lọ́dún 1861. Àwọn méjèèjì rò ó lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ ni. Àní kẹ̀kẹ́ eléyín lórí ojú irin dàgbà jù wọ́n lọ: John Blenkinsop ti ń fi í wọ́ èédú nítòsí Leeds, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, láti ọdún 1812, àmọ́ orí ilẹ̀ tó fẹ́rẹ̀ẹ́ tẹ́jú ni.

Ìbéèrè: Ṣé òótọ́ ni pé wọ́n fi Marsh ṣe yẹ̀yẹ́? Báwo ló ṣe wá rówó kọ́ ọ?

Èsì: Òótọ́ ni. Lọ́dún 1858 tó lọ gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin New Hampshire, aṣòfin kan dábàá pé kí wọ́n kúkú fún un láṣẹ kó kọ́ ọ dé òṣùpá. Wọ́n fún un níwèé náà ṣá. Kò pẹ́ tí ogun abẹ́lé fi bẹ́ sílẹ̀, iṣẹ́ ò sì lè tẹ̀ síwájú.

Lẹ́yìn ogun, kò sí olówó tó fẹ́ dá sí i títí ó fi gbé ẹ̀rí síwájú wọn. Ọjọ́ 29 oṣù Kẹjọ ọdún 1866 ló pe àwọn ọ̀gá rélùwéè wá síbi ẹsẹ̀ òkè, ẹ́ńjìnnì sì gun ojú irin kúkúrú kan níṣojú wọn. Ìgbà náà ni owó tó bẹ̀rẹ̀ sí í yọ.

Ọ̀nà kò dé ibẹ̀ nígbà náà. Tútú ni wọ́n tú ẹ́ńjìnnì náà, wọ́n gbé e wọ ọkọ̀ ojú irin dé Littleton, màlúù ló sì wọ́ ọ gba inú igbó dé ẹsẹ̀ òkè. Bí ojú irin bá ti ń gùn sí i, ẹ́ńjìnnì náà ló ń ti igi àti irin tí wọ́n máa fi kọ́ apá tó kàn gòkè. Walter Aiken, oníṣẹ́ ẹ̀rọ láti Franklin, ló dúró ti iṣẹ́ náà. Orí afárá onígi ni wọ́n gbé ojú irin náà lé látìsàlẹ̀ dókè fẹ́rẹ̀ẹ́ tán, torí òkúta ńláńlá ló bo ara òkè, omi àti yìnyín sì gbọ́dọ̀ ríbi kọjá. Igi ń jẹrà, ìjì sì ń gbé e. Ìjì ńlá ọdún 1938 gbá afárá Jacob's Ladder lọ pátápátá, wọ́n sì tún un kọ́.

Èrò bẹ̀rẹ̀ sí í wọ̀ ọ́ dé Jacob's Ladder ní ọjọ́ 14 oṣù Kẹjọ ọdún 1868. Ní oṣù Keje ọdún 1869, ó dé góńgó, ẹsẹ̀ bàtà 6,288 sókè òkun. Ààrẹ Ulysses Grant wọ̀ ọ́ ní oṣù tó tẹ̀ lé e.

Ìbéèrè: Nínú àwòrán, ẹ́ńjìnnì náà dorí kodò bí ohun tó ti bàjẹ́. Kí ló fà á?

Èsì: Omi inú bọ́ílà, ìyẹn àgbá irin tí wọ́n ti ń se omi di ooru, ni. Irin pẹlẹbẹ kan wà lókè ibi tí iná ti ń jó, omi sì gbọ́dọ̀ bò ó nígbà gbogbo. Bí bọ́ílà bá dagun, omi á ṣàn sí apá kan, irin yẹn á gbẹ, iná á mú un pọ́n, á rọ̀, ooru omi tó há sínú á sì bẹ́ ẹ. Nínú ẹ́ńjìnnì àkọ́kọ́, wọ́n gbé bọ́ílà náà dúró, wọ́n sì fi í kọ́ sórí ọ̀pá méjì kí ó lè máa fì, kí ó wà ní òòró bó ti wù kí òkè ga. Hero lorúkọ tí wọ́n sọ ọ́, ṣùgbọ́n ó jọ ìgò ọbẹ̀ ata débi pé Peppersass ni gbogbo ayé ń pè é. Àwọn tó tẹ̀ lé e ní bọ́ílà tó sùn, wọ́n sì tẹ imú rẹ̀ wálẹ̀. Bó bá ń gun òkè, á tẹ́jú rẹ́rẹ́.

Ìbéèrè: Èmi ò bẹ̀rù gígòkè rẹ̀. Sísọ̀ ńkọ́? Kí ló ń dá a dúró? Kí sì nìdí tí ẹ́ńjìnnì fi máa ń wà nísàlẹ̀ kọ́ọ̀ṣì?

Èsì: Ibi tí ọ̀rọ̀ wà gan-an lẹ bọ́ sí yìí. Gígòkè ń ná èédú tó tó tọ́ọ̀nù 1 àti omi nǹkan bí gálọ́ọ̀nù 1,000 lálọ-lábọ̀. Sísọ̀ ló ń dán ọgbọ́n wò. Bíréèkì tó bá ń ha irin nìkan, bó bá ń ha á fún máìlì 3, á gbóná, kò sì ní mú mọ́.

Nítorí náà, sílíńdà ẹ́ńjìnnì fúnra rẹ̀, ìyẹn ihò irin róbótó tí písítìnì, irin tí ooru omi ń tì, ń lọ tó ń bọ̀ nínú rẹ̀, ni wọ́n sọ di bíréèkì. Direba á ti ooru omi pa. Bí ọkọ̀ ti ń sọ̀, kẹ̀kẹ́ eléyín ló máa wá máa yí písítìnì dípò kí písítìnì máa yí i. Písítìnì á fa afẹ́fẹ́ sínú, á sì fún un pọ̀, afẹ́fẹ́ tó há sí àyè tóóró á máa tì í padà. Bí direba bá dín ibi tí afẹ́fẹ́ ń gbà jáde kù, ọkọ̀ á rọra. Bó bá ṣí i, á yára. Afẹ́fẹ́ tí wọ́n fún pọ̀ máa ń gbóná gan-an, torí náà wọ́n ń fín omi díẹ̀ sínú sílíńdà kí ó má bàa jó.

Ẹ́ńjìnnì wà nísàlẹ̀ kí ó lè máa ti kọ́ọ̀ṣì gòkè, kí ó sì máa gbé e dúró bí wọ́n bá ń bọ̀. Wọn kò so wọ́n pọ̀ rárá. Kọ́ọ̀ṣì ní kẹ̀kẹ́ eléyín àti bíréèkì tirẹ̀, òṣìṣẹ́ kan sì wà nínú rẹ̀ tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju bíréèkì náà lọ. Bí ẹ́ńjìnnì bá já lọ, kò gbọ́dọ̀ fa kọ́ọ̀ṣì tẹ̀ lé ara rẹ̀.

Ìjàǹbá méjì fi bí ọ̀rọ̀ yìí ṣe wúwo tó hàn. Ní ọjọ́ 20 oṣù Keje ọdún 1929, wọ́n gbé Peppersass àtijọ́ jáde fún ayẹyẹ. Bó ti ń sọ̀, ọ̀pá tó gbé kẹ̀kẹ́ iwájú rẹ̀ ṣẹ́, eyín bọ́, kò sì sí ohun tó lè dá a dúró mọ́. Àwọn tó wà lórí rẹ̀ bẹ́ sílẹ̀, ayàwòrán kan tí kò tètè bẹ́ sì kú. Wọ́n ṣa àfọ́kù rẹ̀ jọ, ó wà ní ibùdó ìsàlẹ̀ títí dòní. Ti ọjọ́ 17 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1967 burú ju ìyẹn lọ. Ìkóríta ojú irin tí wọ́n ń pè ní Skyline kò tò dáadáa. Lórí irú ọ̀nà yìí, kì í ṣe irin méjì nìkan lẹ máa tò. Àkàbà àárín náà gbọ́dọ̀ bára mu. Ẹ́ńjìnnì já bọ́ níbẹ̀, kọ́ọ̀ṣì sáré sọ̀, ó sì yà kúrò lórí afárá. Èèyàn 8 kú, àwọn tó fara pa sì lé ní 70.

Ìbéèrè: Wọ́n ní àwọn òṣìṣẹ́ máa ń fi pákó sọ̀ kalẹ̀. Ṣé ó ṣeé gbà gbọ́?

Èsì: Bẹ́ẹ̀ ni. Pákó tó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 3 ni. Wọ́n á gbé e lé àkàbà àárín, òṣìṣẹ́ á jókòó lé e, á sì di ọ̀pá bíréèkì méjì mú, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì, èyí tó ń fún ẹ̀gbẹ́ irin náà mọ́ra. Ọ̀nà tí ọkọ̀ fi ju wákàtí kan gùn, ẹni tó yára jù nínú wọn fi ìṣẹ́jú 2 àti ìṣẹ́jú àáyá 45 sọ̀ ọ́. Ikú òṣìṣẹ́ kan wà lára ohun tó mú kí wọ́n fòpin sí i. Ilé iṣẹ́ náà ṣì ń kó èrò gòkè. Láti ọdún 2008 ni wọ́n ti ń lo ẹ́ńjìnnì dísù, àmọ́ wọn kò jẹ́ kí àwọn elédùú tán síbẹ̀.