Aago ibo ni wọ́n ń sọ? Fún ẹni tó fẹ́ mú ìyá rẹ̀ lọ sí Chichén Itzá

Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú ètò ìrìn àjò. Mo ka ìbéèrè yín lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ ní màmá yín, ẹni 70 ọdún, ń bọ̀ láti Abẹ́òkúta, pé ẹ fẹ́ mú wọn lọ sí Cancún ní Mẹ́síkò. Ẹ fẹ́ mọ̀ bóyá kẹ́ ẹ sanwó fún àwọn tó ń fi bọ́ọ̀sì kó èèyàn lọ wo Chichén Itzá, àwókù ìlú àwọn Maya tó jẹ́ ọmọ onílẹ̀ ibẹ̀, kí wọ́n sì dá wọn padà lọ́jọ́ kan náà, àbí kẹ́ ẹ háyà mọ́tò fúnra yín. Ẹ tún béèrè bóyá ẹni tí kò mọ ìlúwẹ̀ẹ́ lè wọ inú ihò omi tí wọ́n ń pè ní cenote. Mo máa dáhùn, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ èyí tó ń jó mi lára títí dòní: ẹ má fi báàgì tí oògùn màmá yín wà nínú rẹ̀ sílẹ̀ sínú bọ́ọ̀sì, ẹ má sì kúrò lọ́dọ̀ gáìdì, ẹni tó ń mú yín káàkiri, láìbi í pé aago ibo ló ń sọ.

Oṣù kẹrin ọdún 2023 ni èmi àti màmá mi lọ. Aago 7 àárọ̀ ni bọ́ọ̀sì wá gbé wa. Ó kó èèyàn ní òtẹ́ẹ̀lì bíi mẹ́fà kó tó bọ́ sójú títì, ó tún yà sí ilé ìtajà kan, wọ́n sì dá wa dúró síbẹ̀ fún bíi wákàtí kan káwọn èèyàn lè ra ẹ̀gbà ọrùn. Kò sẹ́ni tó sọ ti ìyẹn fún wa nígbà tá a ń sanwó. Láti Cancún dé Chichén Itzá tó nǹkan bíi kìlómítà 200, mọ́tò tó bá lọ tààrà á débẹ̀ ní wákàtí méjì ààbọ̀. Tiwa gba wákàtí márùn-ún. Ẹsẹ̀ màmá mi ti wú ká tó sọ̀ kalẹ̀.

Ọ̀rọ̀ aago rèé o. Ìpínlẹ̀ Quintana Roo ni Cancún wà, ìpínlẹ̀ Yucatán ni Chichén Itzá wà. Láti ọdún 2015 ni Quintana Roo ti ń lo aago tirẹ̀ lọ́tọ̀, ó sì fi wákàtí kan ṣáájú Yucatán. Bẹ́ ẹ bá ti kọjá ààlà àwọn méjèèjì, fóònù yín á fi wákàtí kan padà sẹ́yìn fúnra rẹ̀ nínú àpò yín, láìsọ fún yín. Aago ọwọ́ gáìdì kì í yí padà ní tirẹ̀.

Gáìdì wa mú wa yí ibẹ̀ ká fún wákàtí kan ó lé díẹ̀, ó wá ní ká máa rìn fúnra wa, ká padà sídìí bọ́ọ̀sì ní aago 2:30. Mo wo fóònù mi: 12:15. Mo sọ fún màmá mi pé a ṣì ní wákàtí méjì gbáko, ká rọra máa rìn. A rọra rìn lóòótọ́. A jókòó sábẹ́ igi, torí pápá tó yí pírámíìdì ńlá àárín ibẹ̀ (ilé òkúta alátẹ̀gùn) ká kò ní ibòji rárá, oòrùn ibẹ̀ ń ta bí iná. A lọ wo ihò omi mímọ́ wọn, a padà. Nígbà tá a máa fi dé ibi tí wọ́n páàkì sí, àyè bọ́ọ̀sì wa ti ṣófo. Mo rò pé mo ṣi ọ̀nà ni. Mo sáré láti ìpẹ̀kun kan dé èkejì, mò ń ka nọ́ńbà ara bọ́ọ̀sì. Awakọ̀ bọ́ọ̀sì mìíràn ló ṣàánú mi. Kò gbọ́ èdè mi, ó kàn na apá rẹ̀ sí mi, ó sì ń fi ìka kan ojú aago ọwọ́ rẹ̀: 3:17. Mo gbé fóònù mi sókè sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀: 2:17. Ìgbà yẹn ló tó yé mi.

Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru màmá mi wà nínú bọ́ọ̀sì yẹn. Ìwé ìrìnnà wa méjèèjì wà níbẹ̀. Oúnjẹ ọ̀sán tá a ti sanwó rẹ̀, ẹ̀yìn àwókù yẹn ni wọ́n fi sí, nítorí náà a ò tíì jẹun. Ihò omi tá a fẹ́ wọ̀, ẹ̀yìn oúnjẹ ni òun náà. Mo pe ilé iṣẹ́ wọn. Ọmọbìnrin tó gbé fóònù ní gáìdì ti kéde nínú bọ́ọ̀sì pé aago Cancún ni gbogbo wa máa lò. Bó bá kéde rẹ̀ lóòótọ́, kì í ṣe ní èdè tí èmi gbọ́. Ó ní ó wà nínú ìwé tí mo fọwọ́ sí. Mo wá a lálẹ́ ọjọ́ náà, mo sì rí i: ìlà kan péré, lẹ́tà wẹẹrẹ, lójú ewé kẹta. Ohun tó lè mú kí wọ́n já ìyá arúgbó sílẹ̀ sínú oòrùn, ṣé bó ṣe yẹ kí wọ́n kọ ọ́ nìyẹn? Gáìdì mọ̀ pé ìyá àgbà kan wà nínú àwọn èrò rẹ̀. Ó ka èèyàn, ó rí i pé méjì ò pé, ó sì ní kí wọ́n máa lọ. Mi ò lè gbà pé kò sí ohun tó lè ṣe.

Ìyá kan tó ń ta aṣọ tí wọ́n fi òwú ṣe òdòdó sí lọ́rùn ló gbé àga rẹ̀ fún màmá mi. Ó gé ọsàn sí méjì, ó fún wọn ní ìlàjì, ó sì ń bá ọmọbìnrin rẹ̀ sọ̀rọ̀ nígbà tí mo wà lórí fóònù. Mo béèrè irú èdè tí wọ́n ń sọ, ọmọ náà ní Maya ni. Wákàtí méjì ṣáájú ni gáìdì sì sọ fún wa pé àwọn Maya ti parẹ́! Inú bí mi débi pé mo gbàgbé ẹ̀rù tó ń bà mí. Àwọn ọmọ àwọn tó kọ́ ibẹ̀ ló tẹ́ ọjà sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà yẹn látòkè délẹ̀. Bẹ́ ẹ bá fẹ́ rà nǹkan, ọwọ́ wọn ni kẹ́ ẹ ti rà á, kì í ṣe ilé ìtajà tí bọ́ọ̀sì bá já yín sí.

A wọ mọ́tò kékeré tó ń kó èrò lọ sí Valladolid, ìlú tó wà ní nǹkan bíi kìlómítà 45 síbẹ̀, ibẹ̀ la ti wọ bọ́ọ̀sì padà sí Cancún. Òru la wọlé. Ọ̀sán ọjọ́ kejì ni wọ́n tó gbé báàgì wa wá sí òtẹ́ẹ̀lì. Nígbà tí mo wọn ẹ̀jẹ̀ màmá mi láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, ó ti lọ sókè gan-an. Ọjọ́ kan gbáko la fi dùbúlẹ̀ sínú yàrá, mi ò kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn.

Ní ti físà, ẹni tó ní físà Amẹ́ríkà tó ṣì ń ṣiṣẹ́ nínú ìwé ìrìnnà Nàìjíríà lè fi wọ Mẹ́síkò. Ẹ kàn wo ọjọ́ tó máa parí dáadáa. Ẹ mú ìwé ìrìnnà gan-an dání níbikíbi tẹ́ ẹ bá ń lọ, kì í ṣe àwòrán rẹ̀ nínú fóònù. Wọ́n máa ń dá mọ́tò dúró lójú títì, àwa aláwọ̀ dúdú ni wọ́n sì máa ń kọ́kọ́ na ọwọ́ sí. Lóru ọjọ́ yẹn tí wọ́n dá bọ́ọ̀sì wa dúró, tí ìwé wa ò sí lọ́wọ́, orúkọ Ọlọ́run nìkan ló wà lẹ́nu mi. Ọkùnrin náà wo ojú màmá mi pẹ́, ó sì kọjá lọ.

Ìran ibẹ̀ gan-an ò ṣeé fẹnu sọ. Àtẹ̀gùn 91 ló wà ní ìhà kọ̀ọ̀kan pírámíìdì náà, ìhà mẹ́rin. Bẹ́ ẹ bá ka pèpéle òkè mọ́ ọn, ó di 365, iye ọjọ́ inú ọdún. Wọn kì í jẹ́ kéèyàn gùn ún mọ́. Ẹ dúró níwájú àtẹ̀gùn náà, kẹ́ ẹ pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan, á dá yín lóhùn bí ẹyẹ tó ń han. Màmá mi pàtẹ́wọ́ bíi ìgbà mẹ́wàá.

Ó dáa, ihò omi. Apá àríwá ilẹ̀ Yucatán ò ní odò lójú ilẹ̀. Òkúta ẹfun ni abẹ́ rẹ̀, òjò ń jò wọ inú rẹ̀, ó ń jẹ ẹ́, tí òrùlé ihò náà bá wó, omi tó wà nísàlẹ̀ á hàn síta. Òun ni wọ́n ń pè ní ts'onot, tí àwọn Sípéènì wá sọ di cenote. Èyí tó wà nínú Chichén Itzá kì í ṣe ti ìlúwẹ̀ẹ́. Wúrà, òkúta iyebíye aláwọ̀ ewé àti èèyàn ni wọ́n jù sínú rẹ̀ láyé àtijọ́. Ará Amẹ́ríkà kan, Edward Thompson, bẹ̀rẹ̀ sí í wa ìdí rẹ̀ ní 1904, ó sì kó ohun tó rí lọ sílé wọn. Màmá mi dúró létí rẹ̀, wọ́n ká ọwọ́ wọn sẹ́yìn, wọ́n ní ká máa lọ, pé omi òrìṣà ni.

Èyí tí àwọn bọ́ọ̀sì sábà máa ń yà sí nítòsí ibẹ̀ ni Ik Kil. Ojú omi rẹ̀ fi mítà 26 rẹlẹ̀ sí ojú ilẹ̀, jíjìn omi náà sì lé ní mítà 40. Ẹni tí kò mọ ìlúwẹ̀ẹ́ lè wọ̀ ọ́ pẹ̀lú láìfù jákẹ́ẹ̀tì, àmọ́ ẹ ro ti àtẹ̀gùn tí màmá yín máa gùn padà pẹ̀lú ara tútù.

Mo ti fẹ́ gbàgbé ìbéèrè yín àkọ́kọ́. Ẹ má wọ bọ́ọ̀sì, ẹ má sì lọ sí Chichén Itzá lọ́jọ́ kan náà láti Cancún pẹ̀lú ẹni 70 ọdún. Bó bá jẹ́ pé ibẹ̀ náà ni ọkàn wọn fẹ́, ẹ sùn sí Valladolid, kẹ́ ẹ sì wà lẹ́nu géètì ní aago 8 àárọ̀ tí wọ́n ń ṣí i. Ibi tí mo padà mú màmá mi lọ ni Cobá. Quintana Roo ló wà, aago Cancún náà ni wọ́n ń lò. Igbó ló bo gbogbo rẹ̀, ibòji pọ̀. Àwọn ọkùnrin tó ní kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta á gbé màmá yín síwájú, wọ́n á sì máa wà á títí dé ìdí Nohoch Mul, pírámíìdì tó ga ní mítà 42. Bẹ́ ẹ bá háyà mọ́tò, ẹ béèrè iye owó adójútófò (insurance) rẹ̀ kẹ́ ẹ tó sanwó, torí owó tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì kọ́ ni wọ́n máa gbà lọ́wọ́ yín. Ẹ má wakọ̀ lálẹ́. Bọ́m̀pù ńláńlá ló wà ní ẹnu gbogbo abúlé.

Ihò omi mẹ́ta ló wà nítòsí Cobá. Tamcach-Ha wà fún àwọn tó fẹ́ bẹ́ láti òkè. Choo-Ha ni kẹ́ ẹ mú wọn lọ, inú ihò àpáta ni, omi rẹ̀ mọ́ débi pé ẹ ó rí ìka ẹsẹ̀ yín. Wọ́n á ní kẹ́ ẹ kọ́kọ́ wẹ̀, kẹ́ ẹ fọ gbogbo ìpara kúrò lára. Òrí náà wà nínú rẹ̀ o, ẹ má fi pa wọ́n láàárọ̀ ọjọ́ yẹn. Omi kan náà tó wà lábẹ́ ilẹ̀ yẹn làwọn ará ibẹ̀ ń mu, ẹ má bínú sí wọn.

Màmá mi kọ́kọ́ jókòó sórí àtẹ̀gùn tó kẹ́yìn, wọ́n ki ẹsẹ̀ bọ omi. Nígbà tó yá wọ́n wọ láìfù jákẹ́ẹ̀tì, wọ́n dì mí lọ́wọ́ méjèèjì mú, omi sì gbé wọn. Wọ́n dákẹ́, wọ́n ń wo òkè ihò náà. Ẹ ra bàtà rọ́bà tó di ilẹ̀ mú dáadáa fún màmá yín kẹ́ ẹ tó kúrò nílé, àtẹ̀gùn pákó yẹn ń yọ̀.